Òdòdó Tí Ń Dúró De Òtútù

Mo rántí ìgbà tí ìyàwó mi dé láti òkè òkun, tí ó gbé àpótí rẹ̀ kalẹ̀ ní pálọ̀, tí mo rò pé bàtà tàbí aṣọ ni yóò kọ́kọ́ yọ jáde. Ọyẹ́ mú lọ́dún náà, eruku ti bo ewé máńgòrò iwájú ilé wa l'Ádó títí a kò fi mọ̀ ọ́n yàtọ̀ sí ewé gbígbẹ. Ó ti lo bí ọdún kan lọ́dọ̀ ọmọbìnrin wa tó ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì lọ́hùn-ún, ó ń bá a wo ọmọ kí ìyá ọmọ lè ráyè padà sẹ́nu iṣẹ́. Ohun tí ó kọ́kọ́ yọ nínú àpótí náà ni ìdì kan tí ó fi ògbólógbòó aṣọ ọmọ wé. Ó tú u jẹ́jẹ́ bí ẹni ń tú ẹyin. Mo rí nǹkan dúdú kan tó rí wọ́gọwọ̀gọ, bí iṣu tí eku jẹ kù, tí ojú pupa kéékèèké wà lára rẹ̀.

"Ẹ má fọwọ́ kàn án o, Tíṣà," ó ní. "Òdòdó ni."

Tíṣà ni ó ti ń pè mí láti ìgbà tí a jọ ń kọ́ni ní Ìyìn-Èkìtì, kí a tó fẹ́ra wa, kò sì yí i padà nígbà tí mo di ọkọ rẹ̀, tàbí nígbà tí mo di bàbá ọmọ. Iṣẹ́ àgbẹ̀ ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ girama títí mo fi fẹ̀yìn tì. Òun ní tirẹ̀, ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni ó wà, ó sì di ọ̀gá níbẹ̀. Ọ̀gá tó le ni. Ọmọ tó bá sọ "ulé" dípò "ilé" nínú kíláàsì rẹ̀, ìka rẹ̀ kò ní gbàgbé rúlà.

Píónì ni orúkọ òdòdó náà. Alẹ́ ọjọ́ náà, oúnjẹ ń tutù níwájú wa, ó ń ròyìn rẹ̀ fún mi. Ó ní àárín òtútù ni òun dé ilé ọmọ wa, kò sì sí nǹkan kan nínú ọgbà náà àfi yìnyín tó funfun bí òwú. Ọmọ wa nawọ́ sí ibì kan, ó ní, "Màmá, ẹ má tẹ ibẹ̀, òdòdó ń sùn níbẹ̀." Ìyàwó mi wo ilẹ̀, kò rí ohunkóhun, ó rò pé àárẹ̀ iṣẹ́ ló ń bá ọmọ náà fínra. Àmọ́ bí òtútù ti ń lọ, ọ̀mùnú pupa ń yọrí jáde bí ìka ọmọ tuntun. Wọ́n ga, wọ́n yọ ewé, wọ́n sì so kókó roboto lórí. Èèrà bo kókó náà. Ìyàwó mi, ọmọ Èkìtì tó mọ ohun tí èèrà ń fojú ilá rí, po omi ọṣẹ, ó fẹ́ dà á lé wọn lórí. Ìyá arúgbó òyìnbó kan sáré jáde láti ọgbà kejì, ó ń juwọ́, ó ń pariwo. Èdè ara wọn kò fi bẹ́ẹ̀ yé wọn, ṣùgbọ́n ó yé ìyàwó mi pé kí òun fi èèrà sílẹ̀, pé nǹkan dídùn tó ń sun lára kókó náà ni wọ́n ń lá, wọn kì í ṣe é ní ibi.

Lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀, òdòdó là. Ó ní ó tóbi ju orí ọmọ tó wà lẹ́yìn òun lọ. Ó ní àwọ̀ rẹ̀ dà bí inú gúáfà tó pọ́n, òórùn rẹ̀ a sì máa gba ojú fèrèsé wọlé. Láràárọ̀ ni ó ń pọn ọmọ náà lọ síwájú rẹ̀, ibẹ̀ sì ni ọmọ náà ti la ẹnu sọ ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́. Ó ní, "Dodo." Ọmọ wa sáré jáde láti ilé ìdáná, ó ní, "Màmá, ṣé ẹ ti ń fún un ní dòdò ni?" Ìyàwó mi rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ọ̀sẹ̀ kan ni gbogbo rẹ̀ fi là. Òjò ńlá kan rọ̀, omi wọnú òdòdó, ó wúwo, gbogbo rẹ̀ sì doríkodò títí ó fi kan ilẹ̀. Ó tún di ọdún tó ń bọ̀.

"Mo fẹ́ kí ó là níbí," ó ní fún mi. "Nígbà tí ọmọ náà bá dé, kí ó rí ohun tó mọ̀."

Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní ilẹ̀ Èkìtì tó ń hu iṣu tí ọmọdé ò lè gbé, kí ni òdòdó lásán fẹ́ fi ṣe é? Ọmọ wa ti kìlọ̀ lórí fóònù pé kí a má rì í jìn, kí ojú rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ hàn síta. Mo gbọ́, mo sì gbẹ́ ilẹ̀ tó jìn dáadáa lábẹ́ fèrèsé yàrá wa, mo bu ajílẹ̀ adìyẹ sí i, mo rì í bí ẹni rì iṣu. Kí ni nọ́ọ̀sì mọ̀ nípa ohun ọ̀gbìn? Inú mi dùn sí ara mi débi pé mo pe àwọn ará ilé kejì wá wò ó, nígbà tí ilẹ̀ lásán ni wọ́n wá wò.

Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ rọ̀, ó hù. Mo rántí bí ìyàwó mi ṣe pariwo pè mí, tí mo sáré jáde tèmi ti sìńgílẹ́ẹ̀tì. Ọ̀mùnú pupa mẹ́ta, gẹ́gẹ́ bó ṣe sọ ọ́. Wọ́n yọ ewé tó ń dán, kókó kan ṣoṣo sì jáde lórí ọ̀kan nínú wọn, kò ju ẹ̀pà lọ. Èèrà dé. Mo fẹ́ bu eérú sí wọn, ìyàwó mi di ọwọ́ mi mú. Ọjọ́ ń lọ, kókó náà kò tóbi sí i. Ó gbẹ, ó pọ́n bí ìyẹ́ aáyán, ó sì já bọ́ lọ́wọ́ mi nígbà tí mo fẹ́ yẹ̀ ẹ́ wò. Ìyàwó mi mú un, ó tẹ́ ẹ sí àtẹ́lẹwọ́. Ó ní, "Ó gbìyànjú." Kókó yẹn ni ó ṣe wá. Bí kò bá yọ rárá ni, à bá ti gbàgbé ọ̀rọ̀ náà.

Lọ́dún kejì, ewé nìkan ni. Mo bomi rin ín, mo ṣíji bò ó, mo tún ṣí ìbòòji náà kúrò. Mo tú u, mo tún rì í sókè díẹ̀ gẹ́gẹ́ bí nọ́ọ̀sì ṣe wí. Lọ́dún kẹta, ewé náà kéré sí i. Ọmọ wa ló là á yé mi.

"Dádì, kì í ṣe ajílẹ̀ ló ń wá. Òtútù ni. Bí kò bá sùn nínú òtútù fún oṣù bíi mélòó kan, kò ní mọ̀ pé àkókò ti tó."

Láti ìgbà tí mo ti mú ṣọ́ọ̀kì lọ́wọ́ ni mo ti ń sọ fún àwọn ọmọ pé oòrùn, omi àti ilẹ̀ ọlọ́ràá ni ohun ọ̀gbìn ń fẹ́. N kò mọ ibi tí wọ́n ti ń ra òtútù.

Síbẹ̀ mo wá a lọ. Iná mọ̀nàmọ́ná wa kì í dúró tó láti mú omi dì, nítorí náà mo máa ń lọ bá obìnrin kan tó ń ta ẹja inú fíríísà nítòsí Ọjà Ọba, n ó ra omi dídì lọ́wọ́ rẹ̀, n ó dì í sínú àpò, n ó gun ọ̀kadà. Ọmọkùnrin kan tó gbé mi lọ́jọ́ kan bẹ̀rẹ̀ sí í wẹ̀yìn. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, kí lẹ gbé tó ń tọ̀ sí mi lára?" Mo ní fún òdòdó ni. Kò béèrè nǹkan míràn lọ́wọ́ mi mọ́ títí a fi délé. N ó to omi dídì náà yí ilẹ̀ ibẹ̀ ká, ìyàwó mi á kó àpò òfìfo bò ó, àwa méjèèjì á jókòó, a ó máa wò ó bó ti ń yọ́. Oòrùn Adó kì í bá ènìyàn ṣeré. Kí á tó sọ pé a fẹ́ jẹun ọ̀sán, ẹrẹ̀ ló kù.

Ọ̀rọ̀ náà ti kọjá òdòdó nígbà náà. Ìyàwó mi ti béèrè ìwé físà láti padà lọ wo ọmọ náà, wọ́n kọ̀ fún un. Ó tún béèrè, wọ́n tún kọ̀. Wọ́n ní kò dá àwọn lójú pé yóò padà sílé. Obìnrin tó ní ilé, tó ní ọkọ, tó ní àga tirẹ̀ nínú ẹgbẹ́ akọrin ṣọ́ọ̀ṣì! Ọmọ wa pẹ̀lú kò lè wá, nítorí pé ìwé ìgbélùú tirẹ̀ kò tíì jáde, bó bá jáde kúrò lọ́hùn-ún, wọ́n lè má jẹ́ kó wọlé mọ́. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ń tù wá nínú, wọ́n ní omi tí ènìyàn yóò mu kì í ṣàn kọjá ẹni. Èmi náà sọ bẹ́ẹ̀ fún un. Ó wò mí, ó ní, "Tíṣà, ọmọ ló ń dàgbà yẹn, kì í ṣe omi."

Nígbà tí òdòdó tiwọn bá là lọ́hùn-ún, ọmọ náà á lọ dúró síwájú rẹ̀, wọn á pè wá lórí fóònù kí a lè rí i. Lọ́dọọdún ni ó ń ga sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ òdòdó yẹn.

"Màmá àgbà, tiyín ńkọ́?"

"Ó ń bọ̀," ìyàwó mi á ní. "Ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ là."

Aládùúgbò wa, nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì, ọmọ ìjọ Kátólíìkì tí òun àti ìyàwó mi máa ń bára wọn jiyàn lórí Màríà láìjà, ni ó kọ́kọ́ pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ó ní ìyàwó mi gbé ẹ̀wà wá fún òun láàárọ̀, ó tún gbé òmíràn wá lọ́sàn-án, nígbà tó sì di ìrọ̀lẹ́, ó wá béèrè bóyá òun ti jẹun, kí ó lè bu ẹ̀wà wá. "Tíṣà, ẹ mú Ìyá lọ fún àyẹ̀wò." Mo ní àgbà ló ń dé. Mo ní èmi náà ń wá gíláàsì mi kiri nígbà tó wà lójú mi.

Kò pẹ́ tí obìnrin aláta kan fi pè mí láti Ọjà Ọba. Mo sáré débẹ̀, mo bá ìyàwó mi lórí àpótí ìjókòó lẹ́yìn àtẹ ata, ó di báàgì rẹ̀ mọ́ àyà. Ọjà tó ti ń ná kí a tó bímọ, kò mọ ọ̀nà tí yóò gbà jáde níbẹ̀. Nígbà tó rí mi, ó dìde wéré bí ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ tí bàbá rẹ̀ pẹ́ kó tó wá mú un. Ní ẹnu ọ̀nà ilé wa ló ti ní, "Ẹ má sọ fún ọmọ o."

Dókítà ṣàlàyé fún mi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Ó ní àìsàn tó ń jẹ ìrántí ni, pé oògùn tí àwọn ní lè mú kó fẹsẹ̀ wọ́lẹ̀ díẹ̀, kò lè dá a padà. Mo béèrè pé kí ni kí n wá ṣe. Ó ní kí n ní sùúrù. Mo tún béèrè, bí ẹni pé kò gbọ́ mi. Ó tún sọ ọ́. Bàbá mi máa ń sọ pé ẹrù tó bá ju agbára ẹni lọ, sísọ̀ là ń sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Kò sọ ohun tí à ń ṣe bí ẹrù náà bá jẹ́ ènìyàn.

Láti ìgbà yẹn ni ọ̀rọ̀ ti ń dín kù lẹ́nu rẹ̀. Yorùbá dáadáa tó fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ kọ́kọ́ ń lọ, èdè Ìyìn tí ìyá rẹ̀ fi tọ́ ọ sì ń padà. Mo bá a ní ẹnu géètì lọ́jọ́ kan, ó ti wé gèlè, ó ní, "Mo fẹ́ lọ ulé. Mo fẹ́ lọ ulé yèyé mi." Ìyá rẹ̀ ti wà ní ibojì kí a tó bí ọmọ wa. Ulé! Mo fẹ́ rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà kò jáde. Mo dì í lọ́wọ́ mú, a rìn yí ilé ká títí ẹsẹ̀ fi ro ó, nígbà tí a padà dé ẹnu ọ̀nà, ó ní, "A ti dé."

Lójoojúmọ́ ni ó sì ń lọ bẹ̀rẹ̀ sábẹ́ fèrèsé yẹn, ó ń wo ewé tó kù.

Ìwé ọmọ wa jáde nígbà tó yá. Wọ́n dé ní ọwọ́ ọyẹ́, òun àti ọmọ rẹ̀ tó ti ń lọ sílé-ẹ̀kọ́. Mo ti sọ ohun gbogbo fún un lórí fóònù, àmọ́ gbígbọ́ kọ́ ni rírí. Ìyàwó mi wà lórí àga ní faranda, mo ti wọ aṣọ tó fẹ́ràn fún un. Ọmọ wa kúnlẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó di ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ mú. Ìyàwó mi rọra gbé e dìde.

"Ẹ káàbọ̀ o. Ẹ dìde, ilẹ̀ ní eruku. Ọ̀nà ibo lẹ gbà wá?"

Mo ní, "Ìyá, ọmọ wa ni. Ọmọ-ọmọ rẹ nìyí."

Ó wo ọmọ náà, ojú rẹ̀ tàn, ọkàn mi sì fò sókè. Ó fọwọ́ kàn án ní ẹ̀rẹ̀kẹ́. "Ọmọ dáadáa. Èmi náà ní ọmọ-ọmọ kan. Òkè òkun ló wà. Wọn ò jẹ́ kí n lọ rí i."

Ọmọ náà wo ìyá rẹ̀, ó wò mí, ó sì fi ìwọ̀nba Yorùbá tó gbọ́ dáhùn pé, "Màmá àgbà, èmi ni."

Ìyàwó mi rẹ́rìn-ín músẹ́, bí àgbà ṣe ń rín sí àṣìṣe ọmọdé. "Rárá o. Tèmi ṣì wà lẹ́yìn. Kò tíì mọ ìrìn."

Ọmọ wa dìde, ó wọ ilé ìdáná lọ, mo sì gbọ́ tó ṣí omi ẹ̀rọ sílẹ̀ kí a má bàa gbọ́ ẹkún rẹ̀. Ọmọ kékeré náà dúró. Ó fà mí láṣọ, ó ní, "Bàbá àgbà, ẹ sọ fún un." Tíṣà ni mí. Gbogbo ayé mi, bí ohun kan kò bá yé ọmọ, mo máa ń wá ọ̀nà míràn tí n ó fi là á yé e. Lọ́jọ́ yẹn, ìyàwó mi ló di ọmọ náà lọ́wọ́ mú, ó fà á lọ sábẹ́ fèrèsé. Ewé ti kú nítorí ọ̀dá, ilẹ̀ lásán ló wà níbẹ̀.

"Má tẹ ibẹ̀," ó ní. "Nǹkan kan ń sùn níbẹ̀."

Ọmọ náà gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrò, ó sì bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀. Wọ́n pẹ́ níbẹ̀. Ní gbogbo àkókò tí wọ́n lò lọ́dọ̀ wa, wọ́n ń bára wọn ṣeré bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọra, ọmọ náà kò sì tún sọ pé òun ni mọ́. N kò mọ ẹni tó kọ́ ọ. Nígbà tí ọkọ̀ wá gbé wọn, ìyàwó mi juwọ́ sí wọn, ó ní kí wọ́n kí ará ilé wọn.

Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ ọdún náà rọ̀, kò sí ohun tó hù. Mo dúró títí ilẹ̀ fi rin dáadáa, mo fi ọwọ́ wa ibẹ̀. Ohun tí mo bá rọ̀ bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti rà, ó ń rùn, ó sì fọ́ mọ́ mi lọ́wọ́. Mo da ilẹ̀ bò ó padà. Mo ń ro ohun tí n ó sọ fún un bó bá béèrè. Kò béèrè. Ó dà bí ẹni pé òun àti òdòdó náà kò pàdé rí. Ìyẹn dùn mí ju kí ó béèrè lọ.

Ọ̀pọ̀ òjò ló ti rọ̀ láti ìgbà náà. Àwọn tí mo kọ́ níwèé máa ń yà kí wa, wọ́n ti di àgbàlagbà fúnra wọn, wọ́n á béèrè bí mo ṣe ń fara dà á, bí ẹni pé ẹ̀kọ́ kan wà tí mo lè kọ sójú pátákó. Kò sí. Ilẹ̀ á mọ́, n ó po ògì, n ó wẹ ìyàwó mi, n ó dì í nírun. Ọjọ́ wà tó ń kọrin ìsìn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin láìpàdánù ọ̀rọ̀ kan, mo sì ti ṣíwọ́ ríronú pé orin náà yóò mú un padà wá.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo fún un ní ògì tán, mo nu ẹnu rẹ̀. Ó dì mí lọ́wọ́ mú, ó wò mí títí.

"Ẹ ṣeun gan-an, Bàbá. Ẹ ní sùúrù. Ṣé ẹ níyàwó nílé?"

"Mo ní."

"Ara rẹ̀ le?"

Mo ní ó le díẹ̀.

Ó mi orí. Àánú ìyàwó mi ṣe é gidigidi. "Ẹ bá mi kí i," ó ní.

Mo ní yóò gbọ́.